Corolla Japan, Corolla Amẹ́ríkà, Corolla Kánádà: èwo ló yẹ kẹ́ ẹ náwó lé?

Àbúrò mi kan tó ń ṣe tíṣà l'Ábẹ́òkúta ló pè mí lọ́jọ́ Sátidé kan láti ọjà mọ́tò ní Àpápá, ariwo ń dún lẹ́yìn ẹ̀, ó ní "Bọ̀dá mi, ẹ jọ̀ọ́, mọ́tò méjì ló wà níwájú mi báyìí, Corolla 2005 ni méjèèjì, àwọ̀ kan náà, ẹni tó ń tà wọ́n ní ti Japan lọ̀kan, ó sì fi ẹgbẹ̀rún lọ́nà irínwó náírà gbé e ju èkejì lọ, ó ní ti Kánádà lèkejì, pé ti Kánádà kì í pẹ́ bàjẹ́, èwo ni kí n mú?" Mo ní kó má tíì sanwó fún ẹnikẹ́ni, kó ya fọ́tò nọ́ńbà ṣásì méjèèjì ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp, kó wá ibì kan jókòó sí kó mu omi tútù.

Kò sí oṣù tí ẹnì kan ò ní bi mí ní ìbéèrè yìí. Ẹ lọ Bẹ́gà, ẹ lọ Ládípọ̀, ẹ lọ Gate n'Íbàdàn, ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tẹ́ ẹ máa gbọ́ ni "J ni o, ojúlówó Japan", bí ẹni pé létà kan ṣoṣo yẹn ti parí gbogbo ẹ̀. Ó ń dùn mí ni, torí mo ti rí ẹni tó lọ yáwó kún owó ọwọ́ ẹ̀ kó lè ra J, nígbà tí wọ́n gbé mọ́tò sókè, abẹ́ ẹ̀ ti jẹ dànù. Ibi tí wọ́n ti to mọ́tò ṣe pàtàkì, mi ò ní parọ́ fún yín pé kò ṣe pàtàkì, àmọ́ ìbéèrè mẹ́ta ló wà nínú ẹ̀ táwọn tó ń tà kì í yà sọ́tọ̀ fún wa: ta ni wọ́n to ó fún, ta ló kó páátì wá fún àwọn tó tò ó, ibo ló sì ti lo ayé ẹ̀ kó tó wọ ọkọ̀ ojú omi. Màá fi àwọn mọ́tò tá à ń rà gan-an wéra lórí ẹ̀, màá sì sọ ibi tí èmi máa náwó sí.

Ẹ kọ́kọ́ ka nọ́ńbà ṣásì

Létà àti nọ́ńbà 17 ni. Ẹ máa rí i lórí dásíbọ́ọ̀dù lábẹ́ gíláàsì iwájú níbi tí dírẹ́fà ń jókòó sí, ẹ tún máa rí i lára ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ òpó ilẹ̀kùn dírẹ́fà, méjèèjì gbọ́dọ̀ bára mu, tí wọn ò bá bára mu ẹ dìde kẹ́ ẹ máa lọ sílé. Èyí àkọ́kọ́ ló ń sọ orílẹ̀-èdè fún wa: J ni Japan, 1 àti 4 àti 5 ni Amẹ́ríkà, 2 ni Kánádà, 3 ni Mẹ́síkò, K ni Kòríà, S ni ti àwọn òyìnbó London, W ni Jámánì (Jámánì yìí ní wàhálà tiẹ̀, mà á débẹ̀). Ìkẹwàá ló ń sọ ọdún, 3 ni 2003, 8 ni 2008, A ni 2010, B ni 2011. Ìkọkànlá ló ń sọ ilé iṣẹ́ gan-an tí wọ́n ti tò ó, fún Toyota ẹ máa rí U tó jẹ́ Georgetown ní Kentucky, C tó jẹ́ Cambridge ní Ontario lọ́hùn-ún ní Kánádà, àti Z tó jẹ́ Fremont ní California.

Ìjọba Amẹ́ríkà ní wẹ́bsáìtì ọ̀fẹ́ kan, NHTSA, tẹ́ ẹ bá tẹ nọ́ńbà ṣásì síbẹ̀ ó máa sọ ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti tò ó, ó tún máa sọ bóyá ilé iṣẹ́ ti pè é padà fún àtúnṣe kan tẹ́nì kan ò tíì ṣe. Kò gbà ju dátà díẹ̀ lọ, síbẹ̀ ọ̀pọ̀ èèyàn á san mílíọ̀nù lé ní mílíọ̀nù láìwò ó.

Ohun míì tó yẹ kẹ́ ẹ mọ̀ rèé. Òfin kan wà l'Ámẹ́ríkà tí wọ́n ṣe ní 1992 tó ní kí gbogbo mọ́tò tuntun lẹ ìwé kan mọ́ gíláàsì, ìwé yẹn á sọ ibi tí wọ́n ti to mọ́tò, á sọ orílẹ̀-èdè tí ẹ́ńjìnì ti wá lọ́tọ̀, á sọ ti gíà náà lọ́tọ̀. Kí ló dé tí wọ́n fi ní láti yà á sọ́tọ̀? Torí pé mọ́tò kan ṣoṣo lè ti orílẹ̀-èdè mẹ́ta wá. Corolla tí wọ́n tò ní Kánádà nígbà yẹn, inú ilé iṣẹ́ Toyota ní Buffalo, West Virginia, l'Ámẹ́ríkà ni ẹ́ńjìnì ẹ̀ ti ń wá. Ẹni tó ní òun ń ra "Kánádà", ẹ́ńjìnì Amẹ́ríkà ló ń rà.

Ilé iṣẹ́ Fremont

Mo fẹ́ dúró díẹ̀ níbí torí ìtàn yìí ló yí èrò tèmi padà pátápátá.

General Motors ní ilé iṣẹ́ mọ́tò kan ní Fremont, California, wọ́n tì í pa ní 1982. Kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ rere nípa ilé iṣẹ́ yẹn, òṣìṣẹ́ á pa iṣẹ́ jẹ bó ṣe wù ú, ìjà ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ àtàwọn ọ̀gá kì í tán, mọ́tò á sì jáde tòun ti àléébù. Ní 1984 Toyota bá GM da owó pọ̀, wọ́n ṣí ilé kan náà padà, wọ́n pè é ní NUMMI. Àwọn òṣìṣẹ́ àtijọ́ yẹn náà ló sì pọ̀ jù nínú àwọn tí wọ́n gbà padà. Wọ́n kó ọ̀pọ̀ nínú wọn lọ sí ilé iṣẹ́ Takaoka ní Japan kí wọ́n lọ wo bí wọ́n ṣe ń to Corolla, wọ́n sì kọ́ wọn pé òṣìṣẹ́ yòówù tó bá rí ohun tí kò dáa lè fa okùn kí gbogbo iṣẹ́ dúró, kí wọ́n yanjú ẹ̀ kí mọ́tò tó kúrò níwájú ẹ̀, ẹnikẹ́ni ò ní bú u. Kò pẹ́ rárá tí mọ́tò tó ń tibẹ̀ jáde fi ń bá ti Japan dọ́gba. Ilé kan náà, èèyàn kan náà, California kan náà. Bí wọ́n ṣe ń ṣiṣẹ́ ló yí padà.

Corolla tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú 1NX tẹ́ ẹ̀ ń rí káàkiri Èkó, àwọn èèyàn yẹn ló tò ó. Toyota dá iṣẹ́ dúró níbẹ̀ ní April 2010, Tesla ló wà nínú ilé yẹn báyìí. Nítorí náà nígbà tẹ́nì kan bá sọ fún mi pé "Amẹ́ríkà ò mọ mọ́tò tò", ilé iṣẹ́ yìí ni mo máa ń rántí.

Corolla 2003 sí 2008: J, 1 àti 2

Ẹ jẹ́ ká tò wọ́n sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn.

JTDBR: Japan ni wọ́n ti tò ó. Àwọn mẹkáníìkì tí mo gbà gbọ́ máa ń ní àlàfo tó wà láàárín bọ́nẹ́ẹ̀tì àti fẹ́ńdà máa ń rí bákan náà délẹ̀, pé ilẹ̀kùn ẹ̀ máa ń pa dẹ́ẹ́. Èmi náà ti rí i lára àwọn kan. Ìyẹn ò ní kó pẹ́ ju àwọn yòókù lọ o, ọwọ́ tó mọ́ ni.

1NXBR: Fremont tá a ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀rọ̀ ẹ̀ tán.

2T1BR: Cambridge, Ontario. Toyota fọkàn tán ilé iṣẹ́ yìí débi pé ibẹ̀ ni wọ́n kọ́kọ́ ti to Lexus tí kì í ṣe ní Japan, ọdún 2003 ni, Lexus RX. Ẹni tó bá ń sọ pé Toyota Kánádà ò dáa, kó rántí pé wọn ò lè gbé orúkọ Lexus fún ẹni tí wọn ò gbà gbọ́.

Ẹ́ńjìnì 1.8 kan náà ló wà nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ṣọ́ọ̀kù, búréèkì, gíláàsì iná, bọ́ńpà, ọ̀kan ṣoṣo ni wọ́n, tẹ́ ẹ bá dé Ládípọ̀ kò sẹ́ni tó máa bi yín pé ṣé ti J ni àbí ti 2, "Corolla 05" ni wọ́n máa ní kẹ́ ẹ sọ. Fún mọ́tò yìí, mi ò ní fi náírà kan lé e torí J. Owó tí wọ́n fẹ́ kẹ́ ẹ fi lé e yẹn, ẹ fi wá èyí tí bọ́dì ẹ̀ ṣì jẹ́ fọ́ọ̀sì bọ́dì, tí wọn ò tíì kùn rí.

Japan tí wọ́n tò fún ta ni?

Èyí ni ọ̀pọ̀ èèyàn ò rò rárá. Ní Japan fúnra wọn, apá òsì ni wọ́n ń gbà lójú títì, sítíárìn wọn wà lọ́tùn-ún. Àwa ní Nàìjíríà ti kúrò lápá òsì láti April 2, 1972. Ìyẹn ni pé J tó wà níwájú yín tí sítíárìn ẹ̀ wà lápá òsì yẹn, wọn ò tò ó fún ará Japan, wọ́n tò ó fún àwọn tó wà lókè òkun ni, àfi tó bá jẹ́ èyí tí wọ́n gé sítíárìn ẹ̀ gbé sódì kejì, ẹ jọ̀ọ́ ẹ sá fún ìyẹn.

Báwo lẹ ṣe máa mọ ẹni tí wọ́n to ó fún? Ẹ wo ibi tó ń ka eré. Tó bá jẹ́ máìlì ló hàn jù, Amẹ́ríkà ni wọ́n tò ó fún, ibi yòówù tí wọ́n ti tò ó. Tó bá jẹ́ kìlómítà, tí ìkìlọ̀ tó wà lára pátákó tí wọ́n fi ń bo oòrùn sì jẹ́ Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé pa pọ̀, ọjà Kánádà ni. Kìlómítà nìkan, ó lè jẹ́ Yúróòpù, ó lè jẹ́ àwọn ilẹ̀ Lárúbáwá bíi Dubai.

Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ju ìyàtọ̀ J àti 2 lọ fíìfíì. Èyí tí wọ́n tò fún ilẹ̀ Lárúbáwá, ooru ni wọ́n rò nígbà tí wọ́n ń tò ó, ẹ́síì ẹ̀ máa ń tutù gan-an, ibi tó ń tu ẹ́ńjìnì lára lágbára, àmọ́ èyí tówó ẹ̀ kéré jù nínú wọn lè máà ní tó ẹ́ábáàgì tí ti Amẹ́ríkà ní, kẹ́ ẹ wò ó dáadáa. Èyí tí wọ́n tò fún Amẹ́ríkà kún fún ohun tí òfin èéfín wọn ní kó wà níbẹ̀, kódà ìdérí táǹkì epo tí kò dé dáadáa lè tan iná ṣẹ́ẹ̀kì ẹ́ńjìnì, mo ti rí mẹkáníìkì tó tú ẹ́ńjìnì ẹni ẹlẹ́ni nítorí ìdérí táǹkì. Àǹfààní ti Amẹ́ríkà fún àwa níbí ni pé òun ló pọ̀ jù lójú títì, páátì ẹ̀ pọ̀, ọmọ iṣẹ́ mẹkáníìkì pàápàá mọ ibi tí gbogbo nǹkan wà. Tẹ́ ẹ bá lọ ra Toyota Avensis tí wọ́n ti lò ní Bẹ́líjíọ̀mù kó tó dé ọ̀dọ̀ wa, SB1 ni nọ́ńbà ṣásì ẹ̀ máa ń fi bẹ̀rẹ̀ torí Burnaston ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ti tò ó, mọ́tò gidi ni o, àmọ́ ẹ máa rìn díẹ̀ kẹ́ ẹ tó rí bọ́ńpà ẹ̀ rà.

Ibi tó gbé: iyọ̀ ni ọ̀tá

Kánádà tí wọ́n ti tò ó yàtọ̀ sí Kánádà tó gbé. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka gbólóhùn yẹn lẹ́ẹ̀kan sí i, torí ibẹ̀ ni wọ́n ti ń yí wa.

Ní Kánádà, ní New York, ní Ohio, ní Michigan, tí yìnyín bá ti bo títì nígbà òtútù, iyọ̀ ni wọ́n máa ń da sílẹ̀ kí mọ́tò má bàa yọ̀. Iyọ̀ yẹn á lẹ̀ mọ́ abẹ́ mọ́tò, á jẹ páìpù búréèkì, á jẹ irin tí wọ́n fi gbé ẹ́ńjìnì dúró, á jẹ ẹsẹ̀ mọ́tò. Tó bá wá dé ọ̀dọ̀ wa níbi tí ilẹ̀ rọ̀, tí afẹ́fẹ́ òkun ń fẹ́, ìdípẹtà yẹn á máa bá iṣẹ́ ẹ̀ lọ. Corolla 2T1 tí wọ́n tò ní Ontario tó jẹ́ Texas ló ti lo ọdún mẹ́wàá, abẹ́ ẹ̀ á gbẹ bí àwo. J tó gbé Buffalo ní New York, abẹ́ ẹ̀ lè ti máa já bọ́ bí èèpo igi. Ẹni tó bá fún yín ní J yẹn lówó iyebíye, ẹ̀yin lẹ máa ra ìdípẹtà Amẹ́ríkà lówó Japan.

Ẹ gbé mọ́tò sókè. Mi ò ní kẹ́ ẹ dọ̀bálẹ̀ fi iná fóònù wò ó, mo ní kẹ́ ẹ gbé e sókè. Mẹkáníìkì tí kò bá fẹ́ gbé e sókè, ẹ wá ẹlòmíì. Tí wọ́n bá ti fi nǹkan dúdú kùn abẹ́ ẹ̀ tuntun-tuntun, ẹ bi wọ́n pé kí ló wà lábẹ́ ẹ̀.

Corolla 2009 àti 2010: ibi tí J ti wúlò lóòótọ́

Kí n má bàa dà bí ẹni tó kórìíra J, ẹ jẹ́ kí n sọ ibi tó ti ṣe èèyàn lóore.

Ní January 2010 Toyota pe nǹkan bíi mílíọ̀nù 2.3 mọ́tò padà l'Ámẹ́ríkà torí pẹ́dàlì tá a fi ń tẹ mọ́tò kó sáré lè há, kó má padà sókè bó ṣe yẹ. Corolla 2009 àti 2010 wà níbẹ̀, Matrix wà níbẹ̀, RAV4 àti àwọn Camry kan. Àmọ́ Toyota sọ ọ́ kedere nígbà náà pé Corolla, Camry, RAV4 àti Highlander tí nọ́ńbà ṣásì wọn bá bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú J ò sí nínú ẹ̀. Ìdí ni pé ilé iṣẹ́ Amẹ́ríkà kan tó ń jẹ́ CTS ló ṣe pẹ́dàlì tó ní wàhálà yẹn fún àwọn tí wọ́n ń tò l'Ámẹ́ríkà àti Kánádà, àwọn tí wọ́n ń tò ní Japan, pẹ́dàlì Denso ló wà nínú wọn.

Ṣé ẹ rí i báyìí? Mọ́tò kan náà, orúkọ kan náà, ọdún kan náà, ibi tí wọ́n ti tò ó ló pinnu ẹni tó kó páátì wá, páátì yẹn ló wá pinnu ewu. Àǹfààní tó wà nínú mímọ ibi tí wọ́n ti to mọ́tò gan-an nìyẹn. Síbẹ̀, 1NX tàbí 2T1 tí wọ́n ti tún pẹ́dàlì ẹ̀ ṣe kò ní ẹ̀bi mọ́, ẹ wò ó ní NHTSA, tí kò bá sí ohunkóhun tó kù nílẹ̀, ẹ rà á.

Camry Muscle àti Lexus RX 350: má sanwó J

Camry 2007 sí 2009 tá à ń pè ní Muscle, èyí tí ẹ́ńjìnì ẹ̀ jẹ́ 2.4, ó máa ń jẹ ọ́ìlì. Ríǹgì písítìnì ló fa ìyẹn, Toyota fúnra ẹ̀ tún ọ̀pọ̀ nínú wọn ṣe lọ́fẹ̀ẹ́ l'Ámẹ́ríkà. Ẹ̀ báà ra 4T1 láti Kentucky, ẹ̀ báà ra JTN láti Japan, ẹ́ńjìnì yẹn náà ni. Tẹ́nikẹ́ni bá ní "J kì í jẹ ọ́ìlì", ẹ yọ ọ̀pá ọ́ìlì, ẹ wò ó, ẹ wo ẹnu sàlẹ́ńsà bóyá èéfín búlúù ń jáde ní òwúrọ̀ kùtù tí wọ́n bá kọ́kọ́ tan án, kì í ṣe lẹ́yìn tí wọ́n ti tan án fún wákàtí kan dè yín.

RX 350 ti ọdún 2007 sí nǹkan bíi 2010 náà rí bẹ́ẹ̀. Páìpù kékeré kan wà lára ẹ́ńjìnì V6 yẹn tó ń gbé ọ́ìlì, apá kan ẹ̀ jẹ́ rọ́bà, rọ́bà yẹn máa ń bẹ́, tó bá bẹ́ lójú ọ̀nà márosẹ̀ ọ́ìlì á dànù láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀, ẹ́ńjìnì á kú. Irin ni wọ́n fi ń pààrọ̀ ẹ̀. JTJ tó ti Japan wá àti 2T2 tó ti Kánádà wá, méjèèjì lo rọ́bà yẹn. Ìbéèrè tó yẹ kẹ́ ẹ bi ẹni tó ń tà á ni "ṣé irin ti wà níbẹ̀?", ẹ wá ní kí mẹkáníìkì fi ojú ara ẹ̀ rí i.

Matrix àti Pontiac Vibe

Èyí yá. Toyota Matrix, Cambridge ní Kánádà. Pontiac Vibe, Fremont. Ẹ́ńjìnì Toyota ló wà nínú méjèèjì, abẹ́ wọn bára mu. Orúkọ Pontiac ń ba àwọn èèyàn lẹ́rù, wọ́n ń rò pé páátì ò ní sí, nítorí náà Vibe máa ń dínwó. Fún ẹni tówó ẹ̀ ò tó, tí kò sì ní lọ́kàn láti tà á láìpẹ́, Vibe ni mo máa ní kó mú. Ẹni tó máa tà á lọ́dún tó ń bọ̀, kó mú Matrix, torí orúkọ ló máa tà á.

Benz: W tí kì í ṣe Jámánì

Mo ní mà á débẹ̀. C-Class tí wọ́n ń pè ní W204, èyí tó jáde láti 2007, wọ́n tò ó ní Bremen, wọ́n tò ó ní Sindelfingen, wọ́n sì tún tò ó ní East London ní Gúúsù Áfíríkà, ọ̀pọ̀ èyí tí wọ́n tò ní Gúúsù Áfíríkà yẹn ni wọ́n kó lọ tà l'Ámẹ́ríkà. Nọ́ńbà ṣásì wọn ṣì ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú WDD bíi ti Jámánì. Ibi ìkọkànlá lẹ ti máa mọ̀: tẹ́ ẹ bá rí R níbẹ̀, East London ni, F ni Bremen, A ni Sindelfingen. Nítorí náà ẹni tó ń fi W lásán sanwó "ojúlówó Jámánì" lè máa gun mọ́tò tí ọmọ Áfíríkà bíi tiẹ̀ tò, mọ́tò yẹn ò sì burú, inú mi máa ń dùn nígbà tí mo bá rí R yẹn.

ML ní tiẹ̀, Amẹ́ríkà ni, Tuscaloosa ní Alabama, 4JG ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀. Àwọn tó kọ́kọ́ jáde láàárín 1997 sí 1999 ní àléébù gan-an, ilé iṣẹ́ tuntun ni, mọ́tò tuntun ni, méjèèjì ń kọ́ṣẹ́ pa pọ̀. Àwọn tó tẹ̀ lé e dáa jùyẹn lọ. Mo ti wá fi í ṣe òfin fún ara mi pé mi ò ní ra mọ́tò ọdún àkọ́kọ́ láti ilé iṣẹ́ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣí, orílẹ̀-èdè yòówù kó jẹ́.

Ohun tí J ò lè gbà yín lọ́wọ́ ẹ̀: ẹ́ábáàgì Takata

Mo bẹ̀ yín, ẹ má fo ibí yìí. Nǹkan bíi mílíọ̀nù 67 ẹ́ábáàgì tí ilé iṣẹ́ Japan kan tó ń jẹ́ Takata ṣe ni wọ́n pè padà l'Ámẹ́ríkà. Kẹ́míkà tó ń jẹ́ ammonium nitrate ló ń fẹ́ ẹ jáde, tí ooru àti ọ̀rinrin bá ti bá kẹ́míkà yẹn fún ọ̀pọ̀ ọdún, ó máa ń bú jáde ju bó ṣe yẹ lọ, irin tó wà nínú ẹ̀ á fọ́, á sì fò lu ẹni tó jókòó níwájú ẹ̀. Èèyàn ti kú nípa ẹ̀. Ní Amẹ́ríkà fúnra wọn, àwọn ibi tí wọ́n kọ́kọ́ sáré bójú tó ni àwọn ibi tó ń móoru tó sì ní ọ̀rinrin, bíi Florida. Ẹ wá ro ti Èkó, ẹ ro ti Kọ́tọnù, mọ́tò tó ń jókòó sínú oòrùn ní gbogbo ọdún, tí òjò ń pa.

Corolla 2003 sí 2008 tá à ń fi wéra yìí wà nínú ẹ̀. Honda Accord àti Civic ìgbà yẹn náà wà níbẹ̀. Létà àkọ́kọ́ ò lè dá ẹnikẹ́ni sí, nọ́ńbà ṣásì odindi lẹ máa fi wò ó. Tẹ́ ẹ bá ní ẹ̀gbọ́n tàbí ẹ̀jẹ́ńtì tó ń bá yín ra mọ́tò l'Ámẹ́ríkà, ẹ ní kó gbé e lọ sọ́dọ̀ dílà ilé iṣẹ́ yẹn kó tó wọ ọkọ̀ ojú omi, ọ̀fẹ́ ni wọ́n ń ṣe é níbẹ̀. Tó bá ti dé ọ̀dọ̀ wa tán, iṣẹ́ ńlá ló dà.

Àwọn tí wọ́n ń tò nílé

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti dàgbà á rántí Volks ìjàpá tí wọ́n ń tò ní Ọjọ́, lọ́nà Badagry, láti 1975. Brazil ni páátì ẹ̀ ti ń wá, Igala náà, Brasilia ti àwọn ará Brazil ni. Peugeot 504 ní Kaduna ńkọ́? Ọdún 1975 kan náà ni wọ́n bẹ̀rẹ̀. Faransé ti dá títo ti onílẹ̀kùn mẹ́rin dúró ní 1983, Kaduna ṣì ń tò ó ní ohun tó lé ní ogún ọdún lẹ́yìn ìgbà yẹn. Ìdí tí 504 fi pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ lójú títì wa ni pé kò sí abúlé tí ẹ ò ti ní rí ẹni tó lè tún un ṣe, páátì ẹ̀ wà nílé.

Lónìí, kẹ́ ẹ tó ra èyí tí wọ́n ní nílé ni wọ́n ti tò ó, ẹ béèrè bí wọ́n ṣe ń tò ó. Àwọn kan, mọ́tò tó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí ni wọ́n ń kó wọlé, wọ́n á kàn so ẹ́ńjìnì àti táyà àti àga mọ́ ọn, ìyẹn, bí ibi tó ti wá bá ṣe dáa náà lòun náà ṣe máa dáa. Àwọn míì ń jó irin bọ́dì pọ̀ níbí, wọ́n ń kùn ún níbí, níbẹ̀ lẹ máa wo iṣẹ́ ọwọ́ tiwa. Innoson ní Nnewi ń ṣe ike tó wà nínú mọ́tò wọn fúnra wọn, mo fẹ́ràn ìyẹn, torí ike ló máa ń kọ́kọ́ fọ́. Fún mọ́tò tuntun nílé, ohun tí mo máa wò ni wárántì tí wọ́n kọ sínú ìwé, àti bóyá wọ́n ní ibi tí wọ́n ti ń tún un ṣe nílùú tẹ́ ẹ̀ ń gbé, kì í ṣe Èkó nìkan. Ẹni tó ń gbé Ṣakí tó jẹ́ pé Ìkẹjà ni ibi àtúnṣe tó súnmọ́ ọn jù, wárántì yẹn ò jẹ́ nǹkankan fún un.

Àbúrò mi

Nígbà tí fọ́tò dé, òótọ́ ni ọ̀gbẹ́ni yẹn sọ, JTDBR lọ̀kan, 2T1BR lèkejì, máìlì ni méjèèjì ń kà. A san owó díẹ̀ gba àkọsílẹ̀ ibi tí mọ́tò méjèèjì ti gbé àtàwọn tó lò wọ́n. J yẹn, Ohio ni wọ́n ti kọ́kọ́ forúkọ ẹ̀ sílẹ̀, ibẹ̀ náà ló wà títí wọ́n fi tà á. 2 yẹn, Georgia ló gbé, nísàlẹ̀ lọ́hùn-ún níbi tí yìnyín kì í ti í pọ̀, ẹni méjì péré ló lò ó, ẹ́ábáàgì ẹ̀ ti jẹ́ ṣíṣe.

Mo rán mẹkáníìkì tí mo mọ̀ lọ bá a. Wọ́n gbé méjèèjì sókè. Páìpù búréèkì J ti pupa rẹ́súrẹ́sú, irin tó gbé ẹ́ńjìnì rẹ̀ dúró, tí wọ́n bá fi sípánà kàn án, ó ń já bọ́. Ti Kánádà gbẹ, kìkì ẹrẹ̀ ló wà lábẹ́ ẹ̀. Ẹni tó ń tà á gbọ́ ohun tí mẹkáníìkì sọ, ó gé owó J wálẹ̀ títí ó fi bá ti èkejì dọ́gba, àbúrò mi sì pè mí padà, ó ní "Bọ̀dá mi, ó ti gé e o, ṣé kí n mú J báyìí?" Mo ní "Tíṣà, ṣé o fẹ́ máa ra páìpù búréèkì ni àbí o fẹ́ máa lọ síbi iṣẹ́?"

Ó mú 2T1. Nínú ẹgbẹ̀rún lọ́nà irínwó tó ṣẹ́kù sí i lọ́wọ́, mo ní kó kọ́kọ́ ra bátìrì àti táyà mẹ́rin, torí nọ́ńbà mẹ́rin tó gbẹ̀yìn lára táyà tó wà lẹ́sẹ̀ ẹ̀ jẹ́ 2312, ọ̀sẹ̀ kẹtàlélógún ọdún 2012 ni wọ́n ṣe é, ó sì fẹ́ fi í gba ọ̀nà márosẹ̀ Èkó sí Abẹ́òkúta padà sílé lálẹ́ ọjọ́ yẹn.